Ohun tí N Kò Yà

Oṣù méje ni mo fi ń yà sọ́dọ̀ Bàbá Tokujíró
kí n tó ya àwòrán kan ṣoṣo.
Kámẹ́rà wà nínú àpò,
bí ọmọ tí wọ́n ní kó má sọ̀rọ̀ níwájú àgbà.
Yàrá rẹ̀ kò ju ẹní mẹ́ta lọ.
Bí ó bá na ẹsẹ̀, ẹsẹ̀ á kan ilẹ̀kùn;
bí mo bá fẹ́ jókòó, òun á ká tirẹ̀ kò.

Ní Kámágásákì, ní Ósákà, aago mẹ́rin ààbọ̀ ìdájí
làwọn àgbà ọkùnrin ti ń dúró de ọkọ̀ agbanisíṣẹ́.
Awakọ̀ á yọjú lójú fèrèsé, á nàka:
ìwọ, ìwọ, àti ìwọ.
Ìka náà kì í nà sí Bàbá mọ́.
Afárá tó bá wọn ṣe ṣì ń gbé ọkọ̀ kọjá lórí omi;
òun ń ti kẹ̀kẹ́ lóru, ó ń ṣa agolo.

Ó ní, "Chízúrù, ya ọwọ́ mi. Ya bàtà. Ya omi tíì tó ń hó.
Má ya ojú mi.
Mo ní ọmọ ní Níígátà."

Wọ́n ní ojú lọ̀rọ̀ wà.
Ọ̀rọ̀ tirẹ̀, mo lọ wá a sọ́wọ́:
ọwọ́ òsì, ìka mẹ́ta ló kù níbẹ̀.
Ìka mẹ́ta náà á bó ọsàn láì jẹ́ kí èèpo já,
á gbé èèpo kalẹ̀, roboto,
bí ọsàn tí ẹnikẹ́ni kò tíì fọwọ́ kàn.
Á wá pín in. Èyí tó tóbi, tèmi ni.

Lálẹ́ ọjọ́ kan tí yìnyín ń bọ́, ó fá irùngbọ̀n.
Ó ní, "Tàn án."
Mo tàn án.
Ó wo inú dígí náà, kò sọ nǹkan kan.
Omi tíì hó, ó hó gbẹ.
Ètè rẹ̀ mì lẹ́ẹ̀kan, bí ẹni fẹ́ pe orúkọ.
Ìṣẹ́jú mẹ́rin.
Ó ní, "Pa á rẹ́."

Ẹ̀yin tí ẹ ń ṣe iṣẹ́ yìí, ẹ mọ ohun tó bọ́ sí mi lọ́wọ́.
Mo pa á rẹ́.
Ó ní kí n fi han òun pé kò sí níbẹ̀ mọ́.
Mo fi hàn án.

Nígbà tó kú, ìjọba ìbílẹ̀ kó egungun rẹ̀ sínú àpótí,
wọ́n lẹ nọ́ńbà mọ́ ọn.
Ẹni tó náwó sí fíìmù bi mí ní Tókíò:
"Ojú rẹ̀ dà? Ta ni yóò sunkún nítorí ọwọ́?"
N kò fèsì. Mo jẹ ẹ́ lówó di òní.

Lẹ́yìn ọdún méjì, nínú gbọ̀ngàn kékeré kan ní Níígátà,
èèyàn mọ́kànlá ló wá, méjì ti sùn.
Obìnrin kan dúró sẹ́yìn nígbà tí wọ́n ń to àga.
Ó ní, "Àwọn ìka yẹn. Ìgbà wo ló gé?"
Mo ní n kò bi í.
Ó de bọ́tìnnì ẹ̀wù òtútù rẹ̀ títí dé ọrùn.
Ó ní nígbà tí òun mọ ọwọ́ náà, ó pé.