Ibi Tí Ẹ̀fọn Kò Gbọdọ̀ Kọjá

Àwòrán ilẹ̀ náà ti pọ́n bí ewé gbígbẹ.
Mo tẹ́ ẹ sórí tábìlì ní ọ́fíìsì wa l'Ókè-Mosàn,
mo fi òkúta mẹ́rin tẹ igun rẹ̀ mọ́lẹ̀.
Ìbarà lókè: ilé kan, ọgbà kan, igi máńgòrò méje.
Àwa nísàlẹ̀: wọ́n kàn fi lẹ́ẹ̀dì kùn wá pọ̀.
Láàárín méjèèjì, ilẹ̀ òfìfo
tí òyìnbó awọnlẹ̀ fi ìlà pupa yí ká.
Wọ́n ní ibẹ̀ ni agbára ẹ̀fọn mọ:
èyí tó bá mu ẹ̀jẹ̀ ọmọ Aké
kò gbọdọ̀ rí okun fò dé ojú fèrèsé ajẹ́lẹ̀.

Ṣùgbọ́n Bàbá Ṣówándé, bàbá ìyá mi,
ń kọjá ilẹ̀ òfìfo náà láràárọ̀, tòun ti àdá.
Òun ló gbin ọgbà ewéko wọn,
òun ló ń rẹ́ ẹ kó tẹ́jú bí irun ọmọ iléèwé.
Bí aago mẹ́fà ìrọ̀lẹ́ bá lù,
ọgbà tó fọwọ́ ara rẹ̀ gbìn
á tì í síta.
Ó máa ń rẹ́rìn-ín bó bá ń sọ ọ́. Ìyá mi kì í rẹ́rìn-ín.

Òyìnbó ti lọ. Ọgbà ò bá a lọ.
Ó di búlọ́ọ̀kù, ó di wáyà ẹlẹ́gùn-ún.
Páìpù omi ṣì ń gba abẹ́ ojúlé wa kọjá,
à ń gbọ́ ọ lóru bó ṣe ń gòkè lọ,
bí àlejò tí kò ní yà kí wa.

Mo ya títì kan la ilẹ̀ òfìfo náà já.
Ẹni àkọ́kọ́ tó kọ̀wé takò mí
ni Àǹtí Mojírádé, ọmọ Bàbá Ṣówándé gan-an,
tó kọ́lé síbẹ̀ lọ́dún tó kọjá:
"Èèyànkéèyàn á máa gbabẹ̀ wọlé."
Mo ka lẹ́tà náà lẹ́ẹ̀mẹta. Mi ò bú u.
Ẹni tó ti pẹ́ níta, bó bá wọlé tán, á wá kọ́kọ́rọ́.

Lọ́jọ́ Ẹtì mo lọ fẹsẹ̀ ara mi wọn ibẹ̀.
Lẹ́yìn oko ẹ̀gẹ́ ẹnìkan, búlọ́ọ̀kù mẹ́ta ti yọ lára ògiri.
Ọmọbìnrin kan yọrí, báàgì ìwé lẹ́yìn,
ó já aṣọ iléèwé rẹ̀ gbà lọ́wọ́ wáyà,
ó kí mi, ó bá tirẹ̀ lọ.
Ilẹ̀ ibẹ̀ ń dán bí èèkù ọkọ́ àgbà.

Mo padà, mo pa títì mi rẹ́,
mo fà á sápá òsì díẹ̀
kó lè bá ẹsẹ̀ ọmọ náà mu.
Ẹ̀fọn kan bà lé mi lọ́wọ́.
Mi ò mọ ìhà ibi tó ti fò wá.