Kẹ́ẹ̀gì Méjì

Inú agolo mílíìkì ni wọ́n wà bá mi dé Ìsánlú,
ogójì hóró, dúdú, onílà funfun,
tí Ibíwùmí kó fún mi ní Jọ́ọ̀sì, tó ní:
"Òdòdó tí í wo oòrùn ni. Gbìn ín síbi tí kò sí igi."
Níbo ni kò sí igi nílé bàbá mi?
Ẹ̀yìn balùwẹ̀ nìkan,
níbi tí ewúrẹ́ Ìyá Olúbọ̀dé ń sùn sí.

Ìyá Olúbọ̀dé yọjú lórí ògiri: "Ọ̀kun o.
Jogbo lo ń gbìn? Jogbo tó kún ọ̀nà Kábà lọ súà,
tẹ́nìkan ò bu omi fún rí látọjọ́ táláyé ti dáyé?"
Mo ní jogbo kọ́. Ó ní ojú wọn jọra.
Mo ní ọmọ ìyá ni wọ́n, àmọ́ ọ̀kan lọ sílé ìwé.
Ó rẹ́rìn-ín títí ìborùn rẹ̀ fi já bọ́ sọ́dọ̀ mi.

Oṣù Kọkànlá ni. Ọyẹ́ ti ń fá ètè wa.
Ẹ̀rọ omi àdúgbò ti dákẹ́,
kẹ́ẹ̀gì méjì ni mo ń so mọ́ kẹ̀kẹ́ Bàbá
láti kànga ṣọ́ọ̀ṣì: ọ̀kan fún ilé, ọ̀kan fún òdòdó.

"Ìró omi rẹ ò dára," Bàbá wí láti orí àga rẹ̀.
Ọdún kẹta rèé tójú rẹ̀ ti di kùrukùru,
etí ló kù tó fi ń roko.
"Ó ń dún wẹẹrẹ bí ìtọ̀ ọmọdé.
Tó o bá ń bu omi tín-ín-tín fún irúgbìn lójoojúmọ́,
gbòǹgbò rẹ̀ a jókòó sókè, a máa retí àlejò.
Rin ín kanlẹ̀. Kó o wá fi í sílẹ̀ fún ọjọ́ mẹ́ta.
Òǹgbẹ ló ń fi ọ̀nà han gbòǹgbò."

Mo bẹ̀rẹ̀ sí í rin ín kanlẹ̀,
ní ìdájí, kí oòrùn tó mọ ibi tí mo wà,
nídìí, kì í ṣe lórí ewé,
mo tẹ́ koríko gbígbẹ yí i ká bí ẹní.
Lọ́sàn-án, wọ́n á sorí kọ́, ewé á rọ̀ jọ̀wọ̀lọ̀,
ọwọ́ mi á sáré sí kẹ́ẹ̀gì.
"Fi sílẹ̀," Bàbá á wí,
"gbogbo ẹni tó sùn lọ́sàn-án kọ́ ló kú."
Nírọ̀lẹ́ wọ́n á nà ró ṣánṣán, bí ẹni pé wọn ò ṣe nǹkan kan.

Ewúrẹ́ jẹ mẹ́sàn-án. N kò ní ka ìyókù.

Nígbà tí wọ́n kéré, wọ́n ń bá oòrùn lọ:
láàárọ̀, wọ́n kọjú sí àpáta,
nírọ̀lẹ́, sí ilé ìwé tí Bàbá ti ṣe tíṣà.
Mo ń ròyìn wọn fún un bí ẹni ń ka lẹ́tà.
Ìparí oṣù Kìíní, wọ́n tanná, wọ́n ga jù mí lọ,
ojú ọ̀kọ̀ọ̀kan tó àwo ìjẹun,
wọ́n sì dẹ́kun yíyí.
Ìlà oòrùn ni gbogbo wọn kọjú sí, wọn ò padà.
Ìyá Olúbọ̀dé ní omi ti pọ̀ jù, ọrùn wọn ti gan.

Bàbá ní kí n mú òun lọ.
Ó fi àtẹ́lẹwọ́ kan ojú òdòdó kan, bí ẹni ń wo ibà ọmọ.
Ó kan òmíràn. Ó kan ẹ̀kẹta.
Ó yí ara rẹ̀ padà, díẹ̀díẹ̀,
títí àyà rẹ̀ fi kọ síbi tí wọ́n kọ sí.
"Ìlà oòrùn rèé," ó wí. "Àpáta wà lọ́ọ̀ọ́kán yìí."
Mo ní bẹ́ẹ̀ ni.
Láti ọdún mẹ́ta, èmi ni mo ń sọ ibi gbogbo fún un.

Ẹ̀gà ti wà lórí wáyà.
Wọ́n mọ̀ jù wá lọ ìgbà tí hóró gbó.
Mo fẹ́ lọ wá àwọ̀n. Bàbá ní kí n dúró,
kí òun kọ́kọ́ gbọ́ bí wọ́n ṣe ń fọ́ ọ.
Agolo mílíìkì wà lẹ́sẹ̀ rẹ̀, ó ṣófo, ó ṣí.
Kẹ́ẹ̀gì kejì ṣì tutù. Mo gbé e sáàárín wa.