Omi Ọjọ́ Ìṣẹ́gun

Lórí òkè iyanrìn lẹ́yìn ìlú Lima,
níbi tí òjò kì í rọ̀,
tí kùrukùru ń wọlé bí àlejò tí kò mú nǹkan lọ́wọ́,
Eudosia gbọ́ fèrè ọkọ̀ omi, ó sáré.
Àgbá kún.
Ó fi àtẹ́lẹwọ́ lù ú lẹ́gbẹ̀ẹ́, pẹ́pẹ́,
bí ẹni ń kí ẹṣin:
"O ṣeun."

Wilber ọmọ rẹ̀ rẹ́rìn-ín:
"Ìyá mi, a kúkú sanwó!"

"Mo mọ̀. Omi la sanwó rẹ̀.
Ta ló wá sanwó òkè tó gùn kó tó débí?"

Wọ́n ní ká dúpẹ́ oore àná ká lè gba òmíràn.
Eudosia kò ṣírò tó bẹ́ẹ̀.
Ó bu ife kan,
ó da ìdajì sídìí òdòdó inú agolo,
ó dijú,
ó mu ìyókù.