Ìtọ́wò

Aago mẹ́jọ kọjá ìṣẹ́jú mẹ́wàá. Mo ti kà wọ́n: mẹ́fà.
Òyìnbó méjì, takọtabo, fìlà wọn fẹ̀ bí agbòòrùn,
ọmọ Èkó méjì tí kámẹ́rà ò kúrò lójú wọn,
ọ̀dọ́mọkùnrin Abẹ́òkúta tó ti ń béèrè ibi tí ṣáláńgá wà,
àti màmá kan tó sanwó láìdúnàá-dúrà.
Ohun tó kọ sínú ìwé mi ni: Àsánátù, Bùàké.
Mo ní, "Ẹ káàbọ̀ sí Ògbómọ̀ṣọ́.
Ẹnu la fi ń rin ọjà yìí, ẹsẹ̀ kàn ń tẹ̀ lé e ni."
Wọ́n rẹ́rìn-ín. Wọ́n máa ń rẹ́rìn-ín níbẹ̀.

A bẹ̀rẹ̀ lọ́dọ̀ oníkájú.
Oṣù kẹta ni, èso pọ́n bí ojú awakọ̀ òru.
Mo ní kí wọ́n fiyọ̀ sí i, kí wọ́n bẹ̀rẹ̀ kí wọ́n tó gé e jẹ,
torí omi kájú kì í dárí ji aṣọ funfun.
Òyìnbó ọkùnrin ò bẹ̀rẹ̀.
Ìyàwó rẹ̀ rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú tòun náà.

Lẹ́yìn náà, kókóró gbígbóná,
àti róbó mẹ́ta-mẹ́ta nínú bébà ìdánwò ìṣirò
(ọmọ ọlọ́mọ gba mẹ́rin nínú ogún).
Mo rà á ní igba náírà, mo pè é ní ọ̀ọ́dúnrún fún wọn.
Kí n má purọ́: ibẹ̀ lowó epo máṣìn mi ti ń wá.

Nídìí ẹmu, Òjélabí bu ti ìdájí fún wọn,
ó tún bu ti àná,
kí wọ́n lè mọ ohun tí ọjọ́ kan ṣoṣo lè fi adùn ṣe.
Ọmọ Èkó kan gbóòórùn igbá, ó ní búrẹ́dì tuntun ló ń ta.
Òótọ́ ni. Ọdún mẹ́ta, n ò rò ó rí.
Màmá Àsánátù fọwọ́ bo igbá tirẹ̀:
"Mi ì í mẹmu."
Mo gbọ́ ohùn yẹn. Ohùn ẹ̀yìnkùlé wa ni.
Mo ṣe bí ẹni tí kò gbọ́.

Ìsọ̀ wàrà ló kàn.
Hàwáwù ṣí ọ̀rá lójú abọ́,
wàrà léfòó nínú omi ara rẹ̀,
ojú agbọ̀n hàn lára rẹ̀ bí ilà ẹ̀rẹ̀kẹ́.
Mo ní, "Ọsàn wẹ́wẹ́ ni wọ́n fi ń mú un dì."
"Bọmubọmu ni," ni màmá náà wí. Kò pariwo.
"Ẹ gún ewé rẹ̀, ẹ sẹ́ oje rẹ̀ sí mílíìkì lórí iná.
Kí iná má le. Ẹ má sì fọwọ́ yẹn nujú."

Hàwáwù gbójú sókè. "Ta ló kọ́ yín?"

"Ìyá ìyá rẹ, bóyá.
Nígbà tí wọ́n lé wa ní Gánà,
tá a dé tàwa tàpótí kan àti ìkòkò tí ò nídèrí,
abẹ́ máńgòrò ilé Ọ̀jẹ̀níyì la sùn.
Obìnrin Fúlàní kan ló ń gbé wàrà fún mi kiri.
Tọ́rọ́ lẹyọ kan. Tí mo bá ta mẹ́wàá, màá jẹ ọ̀kan.
Ọmọ ọdún mẹ́sàn-án ni mí."

Máńgòrò yẹn ti di ilé epo.
Mo mọ̀, n ò sọ.
Ó mú wàrà kan, láìdín, láìfata sí i,
ó dijú jẹ ẹ́, ó pẹ́ kó tó là á.
Òyìnbó obìnrin fọwọ́ tọ́ mi: kí ló sọ?
Mo ní, "Ó ní ó dùn."

Nírọ̀lẹ́ mo gbé owó rẹ̀ padà lọ sí òtẹ́ẹ̀lì.
Kò gbà á. Ó ní kí n fi ra bọmubọmu,
bọmubọmu tó ń hù fúnra rẹ̀ létí gọ́tà,
tí ẹnikẹ́ni ò tà rí.

Sátidé tó tẹ̀ lé e, àlejò márùn-ún.
Ní ìsọ̀ wàrà mo la ẹnu, mo pa á dé,
mo wo Hàwáwù,
mo ní, "Ẹ̀yin lẹ máa sọ ọ́."