Ta Ní Ń Kanlẹ̀kùn Lábẹ́ Ọkọ̀?

Mo ti gbọ́ Ópẹ̀lì Lamara kó tó yọ lẹ́yìn afárá.
Kọ́-kọ́. Kọ́. Kọ́-kọ́-kọ́.
Bí àlejò tí kò mọ̀ bóyá kí òun wọlé,
bẹ́ẹ̀ ni ohun kan ń kanlẹ̀kùn lábẹ́ ọkọ̀ náà
láti Ambrolauri títí dé ẹnu ọ̀nà ṣọ́ọ̀bù wa.

Agbẹ̀bí ni Lamara. Orí òkè ni iṣẹ́ rẹ̀ wà,
láwọn abúlé tí ọ̀dà títì kò dé,
tí òjò dídì ti sọ ọ̀nà di gbágungbàgun.
"Wọ́n ní ṣọ́ọ̀kì ló kú," ló wí,
"mo ra méjì tuntun ní Kutaisi.
Owó igi ìdáná mi ló bá a lọ.
Ẹ gbọ́ ọ fúnra yín, ó ṣì ń kàn."

Ẹ gbọ́ ọ! Nugzar, ẹ̀gbọ́n ìyá mi, ló sọ ọ́ fún,
ẹni tí etí rẹ̀ ọ̀tún ti di láti ọdún mẹ́ta,
tí ti òsì ń tẹ̀lé e díẹ̀díẹ̀.
Oníbàárà kankan ò mọ̀.
Èmi ni etí ṣọ́ọ̀bù; òun ni ọwọ́.

Ó fi ojú bi mí.
Mo ní: nínú kòtò kéékèèké ni, tí a bá ń rọra lọ.
Bí táyà méjèèjì bá jọ gòkè, kẹ́kẹ́ a pa.
Bí ọ̀kan bá gòkè tí èkejì ṣẹ́kù sílẹ̀, ó bẹ̀rẹ̀ nìyẹn.
Ó rẹ́rìn-ín músẹ́
bí ẹni tí wọ́n dárúkọ ojúlùmọ̀ rẹ̀.

Mo gbé jáàkì. Ó gbọn orí.
Ẹsẹ̀ tó bá ń rọ̀ dirodiro kì í jẹ́wọ́.
Jẹ́ kí ọkọ̀ dúró lórí ẹsẹ̀ ara rẹ̀,
kí ẹrù rẹ̀ wà léjìká rẹ̀, ká tó bi í léèrè.
Ó sọ̀ kalẹ̀ sínú kòtò iṣẹ́, tọ́ọ̀ṣì níwájú orí,
ó fi ìka méjì di línkéèjì mú ní oríkèé,
bí agbẹ̀bí ti í fọwọ́ wá orí ọmọ.
"Mì ín, Khatuna."
Mo gbá òrùlé mú, mo mi ọkọ̀ síhìn-ín sọ́hùn-ún.
Mo gbọ́ *kọ́*. Òun, inú eegun ló ti gbà á.
"Òun nìyí," ó wí, kí n tó lanu.

Ọ̀pá kan tí kò gùn ju àtẹ́lẹwọ́ méjì lọ.
Oríkèé kan lókè, ọ̀kan nísàlẹ̀, rọ́bà dé wọn bíi fìlà.
Iṣẹ́ rẹ̀ ò ju kó sọ fún ẹsẹ̀ òsì
ohun tí ojú ẹsẹ̀ ọ̀tún ń rí.
Rọ́bà ya. Iyanrìn wọlé. Gíríìsì gbẹ.
Ọ̀rọ̀ kò dé ibi tí wọ́n rán an mọ́.

Nọ́ọ̀tù òkè gbọ́ràn. Ti ìsàlẹ̀ yarí.
A da epo sí i, a lọ mu tíì, a padà.
Sípánà yí, bọ́ọ̀tù bá a yí,
bí ewúrẹ́ tí a ń lé yí igi ká.
Nugzar ṣépè fún iyọ̀ tí wọ́n ń dà sí títì nígbà òtútù,
ó ṣépè fún ẹni tó wa iyọ̀ náà nínú ilẹ̀,
ó wá tan ẹ̀rọ tí í gé irin.
Iná fọ́n ká. Línkéèjì já bọ́.

Ọ̀tún àti òsì la pààrọ̀.
Lamara ní, ṣé dandan ni?
Mo ní, ọ̀nà kan náà ni wọ́n jọ jẹ.
Ó ka owó rẹ̀ lẹ́ẹ̀mejì kó tó gbà.

A wà á lọ sẹ́yìn ọgbà àjàrà Tsiuri, níbi tí kòtò pọ̀ sí.
Mo la etí. Kò sí nǹkan kan,
àfi àpò iṣẹ́ Lamara tó ń rìn lórí ìjókòó ẹ̀yìn.
Nugzar tẹ́ àtẹ́lẹwọ́ sílẹ̀ ọkọ̀.
"Ṣé ó ti dákẹ́?" Ohùn rẹ̀ ròkè jù.

Lamara tẹ bíréèkì. Ó wò ó fún ìgbà díẹ̀.
Ó yí gbogbo ojú sí i, kó lè rí ètè rẹ̀,
ó ní, lọ́kọ̀ọ̀kan, lọ́kọ̀ọ̀kan:
"Ó ti dákẹ́, Nugzar."