Iná Àríwá

Òru ni Oyèníran fi àwòrán náà ránṣẹ́ láti Nọ́wè:
ojú ọ̀run tó ń rú ewé,
àwọ̀ ewé tútù tó ń fẹ́ lẹ́lẹ́ lórí yìnyín
bí aṣọ tí ẹnìkan sá tí kò rántí ká.
Ó ní, "Ẹ fi han Màmá. Iná Àríwá nìyí."

Màmá gba fóònù, ó sún un mọ́ ojú, ó sún un jìnnà.
"Àríwá wo?
Ọdún kọkànléláàádọ́ta rè é tí mo ti wà ní Àríwá,
mo ta abọ́ tánganran, mo sin bàbá yín sí Bauchi,
n ò rí iná kankan tó jọ èyí.
Ẹ gbé mi lọ wò ó."

Bí a ṣe jí ní aago mẹ́rin nìyẹn,
tí ọyẹ́ ń bó ètè wa bí iṣu sísè.
Gambo awakọ̀ fi láwàní di etí,
ó ní ẹ́ńjìnnì pàápàá ń gbọ̀n.
A di Màmá bí ẹrù àwo:
kóòtù Bàbá, ìbọ̀sẹ̀ ìpele méjì, òrí ní orúnkún,
orúnkún tí kì í kúnlẹ̀ fún ẹnikẹ́ni mọ́.

Eruku ni ọ̀nà, eruku ni òwúrọ̀.
Oòrùn yọ funfun bí oògùn ibà tí wọ́n gbàgbé sórí tábìlì.
Ní Dindima a ra kòsáì gbígbóná nínú ìwé ìròyìn;
Màmá jẹ ẹ́ tán, ó ka ìròyìn.

Lẹ́yìn náà, Wikki.
Omi ń ti abẹ́ àpáta jáde láìpariwo,
ó mọ́ débi pé mo ka ìka ẹsẹ̀ mi,
ó lọ́ wọ́ọ́rọ́ bí ẹní tí ẹnìkan ṣẹ̀ṣẹ̀ dìde lórí rẹ̀.
Mo bi Bulus, ẹ̀ṣọ́ igbó: ta ló ń dáná fún un?
Ó ní, "Ilẹ̀ ni. Kì í gbowó igi, kì í gbowó gáàsì."

Màmá bọ́ kóòtù. Ó bọ́ ìbọ̀sẹ̀ àkọ́kọ́, ó bọ́ èkejì.
Omi dé orúnkún. Omi dé ìbàdí.
Ó dákẹ́.
Màmá, tí kì í dákẹ́ ní ṣọ́ọ̀ṣì.
Nígbà tó yá ó ní, "Omi yìí mọ ibi tó ń dùn mí,
bẹ́ẹ̀ n kò júwe fún un."

Ọ̀bọ kan gbé búrẹ́dì wa,
ó jókòó sórí ọkọ̀, ó ń jẹ ẹ́ bí alága ìpàdé.
Gambo ju bàtà lù ú.
Ọ̀bọ gbé bàtà pẹ̀lú.

Ilẹ̀ ṣú bá wa lẹ́yìn ẹnubodè Mainamaji.
Màmá ní kí Gambo dúró. Ó kọjú sí àríwá.
Òkùnkùn. Eruku ti dé ìràwọ̀ mọ́lẹ̀ bí ẹni dé àmù.
Òtútù wọ egungun.
Mo ti ń wá irọ́ tí màá pa
nígbà tí nǹkan pupa là níbi tí ilẹ̀ ti pàdé ọ̀run:
iná ìgbẹ́, ẹnìkan ló sun koríko,
ó ń rìn gba orí òkè lọ ní ìlà kan ṣoṣo,
eruku sì gbà á, ó tẹ́ ẹ sókè,
títí ìdajì ọ̀run fi kun osùn.

Mo fẹ́ sọ pé, "Màmá, kì í ṣe òun."
Ó ti já fóònù gbà lọ́wọ́ mi.
Ó ya á. Àwòrán náà ṣe bàìbàì,
àtàǹpàkò rẹ̀ bo igun kan.
"Fi ránṣẹ́ sí Oyèníran.
Sọ fún un pé tiwa pupa.
Kó bi yìnyín rẹ̀ léèrè
bóyá ó mọ orúnkún ìyá rẹ̀."

Kò lọ. Nẹ́tíwọ́ọ̀kì ò sí títí a fi dé Dindima.
Gambo ń fi ẹsẹ̀ kan òfìfo tẹ búréèkì.
Màmá ti sùn. Mo gbé ọwọ́ lé orúnkún rẹ̀
lábẹ́ kóòtù Bàbá:
ó ṣì ń lọ́ wọ́ọ́rọ́.