Ìlà Ẹfun Lẹ́yìn Ilẹ̀kùn

Nígbà tí a ń wó ilé Bàbá Fápóhùndà ní Ìfọ́fìn,
káfíńtà ló kọ́kọ́ rí i, lẹ́yìn ilẹ̀kùn yàrá:
ìlà ẹfun, ìlà ẹfun, wọ́n tò bí lékeléke.
Ìlà gígùn, pọ́n-ùn kan.
Ìlà kúkúrú, ṣílè.
Àmì bí ojú ẹja: Morọ́mọkẹ́ ará Ìkìrun,
nítorí ẹja ló ń yan.
Gbèsè tí wọ́n bá san, èédú ló fi ń dá a lágbede.
Bàbá kò mọ̀wé. Ó hùmọ̀ ìwé tirẹ̀.

Ta ni ó kọ́kọ́ rò ó?
Ta ni, nínú gbogbo Iléṣà, ló jókòó lọ́jọ́ kan
tó wò ó pé ẹni tí kò lówó lónìí
lè ró aṣọ lónìí,
kí ó san án nígbà tí kòkó bá pọ́n?
A mọ agbo ilé tó ń rọ ọkọ́. A mọ èyí tó ń mọ ìkòkò.
Ẹni tó rọ ọ̀la, tó gé e, tó ń tà á lọ́pàá lọ́pàá,
a ò mọ orúkọ rẹ̀.

Kò sí irin níbẹ̀, kò sí ẹwìrì.
Ọ̀rọ̀ lásán ni: “Mú un lọ. Mò ń bọ̀ lóṣù tó ń bọ̀.”
Ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ náà gun kẹ̀kẹ́,
ó kọjá Ìbòkun, ó kọjá Òṣogbo,
ó dé abúlé tí wọn ò tíì ró àǹkárá rí.
Ọjọ́ Ìsinmi tó tẹ̀lé e, gbogbo ìjọ wọlé bí òdòdó.

Oṣù pé. Bàbá padà.
Morọ́mọkẹ́ ní kò sí owó. Bàbá ní kò burú.
Ó ká ṣòkòtò sókè, ó tẹ orúnkún,
kò jókòó, kò dúró:
“Òṣó màá ló títí màá fi gbowó mi.”
Oòrùn yí. Ewúrẹ́ wá gbóòórùn ẹsẹ̀ rẹ̀, ó lọ.
Àwọn tó ń kọjá ń wò.

N kò ní purọ́, mi ò mọ̀ bóyá ó dára.
Ìyá mi sọ pé obìnrin náà ta ìlẹ̀kẹ̀ ìdí ọmọ rẹ̀.
Ìyá mi sọ pé owó yẹn ló ra síléètì òun.
Ìyá mi kì í sọ méjèèjì lọ́jọ́ kan náà.

Èébú ni orúkọ wa tẹ́lẹ̀:
“Òṣómàáló dé! Ẹ ti ilẹ̀kùn!”
Àwọn bàbá wa gbé èébú náà, wọ́n fọ̀ ọ́, wọ́n sá a,
wọ́n wọ̀ ọ́ lọ sí Ẹrẹ́jà.
Lónìí, bí wọ́n bá fi kí mi n'Íbàdàn, orí mi a wú.
Ẹni tó hùmọ̀ gbèsè, gbèsè ti hùmọ̀ ọmọ rẹ̀.

Lánàá, fóònù gbọ̀n lábẹ́ ìrọ̀rí mi.
Mo yá ẹgbẹ̀rún lọ́nà ogún lórí áàpù nígbà tí ọmọ ṣàìsàn.
“Ọjọ́ ti pé,” ló wí. Nígbà tó fi di aago mẹ́jọ
ó ti kọ̀wé sí ọ̀gá mi, sí àna mi,
sí ẹni tó ń bá mi tún bàtà ṣe.
Kò ní orúnkún tí yóò ro ó.
Bàbá a máa rẹ̀ ẹ́. Bó bá di ìrọ̀lẹ́,
Morọ́mọkẹ́ a bu omi fún un, a fi ẹja kan lé e:
“Jẹun, ìwọ ọkùnrin burúkú yìí.”

Mo tún wo ilẹ̀kùn náà dáadáa.
Lẹ́gbẹ̀ẹ́ ojú ẹja, ìlà méjì wà
tí èédú ò dá:
àtàǹpàkò ló fi nù wọ́n.

Káfíńtà bèèrè owó iṣẹ́ òní.
Mo ní, “Ó dọ̀la.”
Ó wò mí, ó rẹ́rìn-ín,
ó ká ṣòkòtò rẹ̀ sókè,
ó lóṣòó.